Èlé Tí Kì í Dín Ojú Owó

Àìmọye ènìyàn ló ń gba Àpọ́ńgbọ̀n kọjá ní Èkó lójoojúmọ́ tí wọn kò mọ̀ pé irùngbọ̀n òyìnbó kan ló bí orúkọ ibẹ̀. William McCoskry ni òyìnbó náà. Irùngbọ̀n rẹ̀ pọ́n, àwọn ará Èkó sì sọ ọ́ ní Apọ́nnírùngbọ̀n kí orúkọ náà tó gé kúrú. Oníṣòwò ni kí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tó fi í ṣe aṣojú wọn fún ìgbà díẹ̀. Òun ló wà nídìí ọ̀rọ̀ ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹjọ ọdún 1861, nígbà tí Ọba Dòsùnmú fọwọ́ sí ìwé tó sọ Èkó di ti Ọbabìnrin Victoria, tí ọkọ̀ ogun Prometheus sì dúró sí ọ̀sà tó ń wo ìlú.

Bí wọ́n bá ń ròyìn ọjọ́ náà, ọ̀rọ̀ òwò ẹrú àti ọ̀rọ̀ adé ni wọ́n sábà máa ń sọ. Wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ dárúkọ gbèsè. Bẹ́ẹ̀ àwìn ni òwò Èkó ń rìn lé lórí. Àwọn oníṣòwò òyìnbó máa ń kó aṣọ, ọtí àti owó ẹyọ fún àwọn alágbàtà, àwọn alágbàtà á wá wọ inú ìlú lọ kó epo pupa àti ẹ̀kùrọ́ wá. Bí ogun bá dí ọ̀nà, tàbí tí alágbàtà bá fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ, kí ni olówó yóò gbá mú? Òpìtàn A. G. Hopkins kọ ọ́ ní 1980 pé ìbéèrè yìí wà lára ohun tó sún àwọn Gẹ̀ẹ́sì dé ìdí gbígba Èkó: wọ́n fẹ́ ohun ìní tí olówó lè fi ìwé dì mú. Ní 1863, òfin kan jáde tó yan àwọn tí yóò wádìí ẹni tó ni ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan nínú ìlú. Crown grant ni wọ́n ń pe ìwé tí ìjọba wá ń fún àwọn onílẹ̀. Ìwé pélébé ni lójú. Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà lọ, ẹni tó ní ilé ní Èkó lè gbé ilé náà tọ oníṣòwò lọ láìyẹ ògiri rẹ̀, kí ó sì fi yáwó.

Ṣáájú àkókò yẹn, ilẹ̀ kọ́ ni Yorùbá sábà máa ń fi yáwó. Ilẹ̀ pọ̀, ènìyàn ló wọ́n. Yàtọ̀ sí èyí, ilẹ̀ ìdílé kì í ṣe ti ẹnì kan ṣoṣo: àwọn òkú wà nínú rẹ̀, àwọn tí a kò tí ì bí náà sì ní ìpín níbẹ̀. Ọwọ́ tó lè ro oko ni olówó ń wò kí ó tó ka owó sílẹ̀. Ìdí nìyẹn tí ìwọ̀fà fi wà.

Àlùfáà Samuel Johnson ya apá kan sọ́tọ̀ fún àṣà yìí nínú ìwé ìtàn àwọn Yorùbá tó kọ parí ní 1897. (Ìwé náà kò jáde títí di 1921. Èyí tó kọ́kọ́ kọ sọnù lọ́wọ́ àwọn tó gbé e fún ní òkè òkun, Dókítà Ọbadáyà àbúrò rẹ̀ ló tún un tò.) Ẹni tí ìṣòro bá ká mọ́, ó lè jẹ́ òkú ló fẹ́ sin, ó lè jẹ́ ìtanràn ni wọ́n bù lé e, ó sì lè jẹ́ pé ogun ló kó ọmọ rẹ̀ tí ó fẹ́ rà á padà, yóò tọ olówó lọ. Olówó á ka owó ẹyọ fún un lójú ẹlẹ́rìí àti onígbọ̀wọ́. Láti ọjọ́ náà, òun fúnra rẹ̀, tàbí ọmọ rẹ̀, tàbí àbúrò rẹ̀, á máa lọ sìngbà lóko olówó.

Iṣẹ́ yìí ni èlé owó náà. Kì í yọ ẹyọ kan kúrò nínú ojú owó. Ẹni tó bá yá ọ̀kẹ́ owó méjì, tó sì fi ọdún mẹ́wàá kọ ebè, ọ̀kẹ́ méjì pérépéré náà ni yóò kà sílẹ̀ lọ́jọ́ tó bá fẹ́ gba ara rẹ̀.

Johnson tẹnu mọ́ ọn pé ìwọ̀fà kì í ṣe ẹrú. Olówó kò lè tà á, kò sì lè lò ó nílò ẹrú. Àgbà tó jẹ́ ìwọ̀fà ń sùn nílé ara rẹ̀. Bó bá ti parí iṣẹ́ olówó láàárọ̀, ìyókù ọjọ́ di tirẹ̀. Ọmọdé ni ó máa ń lọ gbé lọ́dọ̀ olówó pátápátá. Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ náà ti ń dun ni. Bàbá ló yáwó, bàbá ló ná an, ọmọ tí kò sí níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń kà á ni yóò fi ìgbà èwe rẹ̀ san èlé. Bí bàbá bá kú láìrà á padà, gbèsè náà kò bá bàbá wọ ilẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ mọ iye tí irú owó bẹ́ẹ̀ ná ìdílé kan kò lè rí i nínú ọ̀kẹ́ méjì. Inú àwọn òwúrọ̀ tó ti kọjá ló wà, àti inú oko ara ẹni tó kún fún igbó nígbà tí wọ́n ń ro oko olówó.

Ọ̀nà mìíràn wà tó le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Bí onígbèsè bá kọ etí ikún, olówó lè rán ológò sí i. Ológò á wọ agbo ilé, á fìdí kalẹ̀ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, á máa bú onílé, á máa pariwo, á sì máa pa adìẹ tó bá kọ́kọ́ kàn án, ì báà jẹ́ ti onígbèsè tàbí ti aládùúgbò tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀. Kò ní lọ títí àwọn ará ilé yóò fi dá owó jọ kí wọ́n lè sinmi. Ọgbọ́n burúkú ni, ṣùgbọ́n ọgbọ́n ni: gbogbo agbo ilé ni wọ́n sọ di onígbọ̀wọ́. Àwọn tó ń fi íńtánẹ́ẹ̀tì yánilówó lóde òní, tí wọ́n ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí gbogbo ẹni tí nọ́ńbà rẹ̀ wà lórí fóònù onígbèsè, kò dá nǹkan tuntun kan sílẹ̀.

Síbẹ̀, àṣà ìwọ̀fà ní ìwà kan tí òfin òyìnbó kò ní. Kò sí ọjọ́ tí olówó lè sọ pé àkókò ìràpadà ti kọjá. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún tàbí ogún ọdún, ìgbà yòówù tí ojú owó bá pé, ìwọ̀fà á lọ. Bákan náà ni ti ilẹ̀, ní ibi tí wọ́n bá ti fi ilẹ̀ dúró fún owó: ilẹ̀ náà kì í di ti olówó, bó ti wù kí ó pẹ́ tó lọ́wọ́ rẹ̀, ìdí sì nìyẹn tí kò fi yẹ kí olówó gbin igi tí yóò dàgbà sórí rẹ̀. Àwọn ilé ẹjọ́ Nàìjíríà ṣì ń tẹ̀ lé ìlànà yìí títí dòní nínú ẹjọ́ ilẹ̀ tí wọ́n fi dúró lábẹ́ àṣà. Èlé kò lópin, ìràpadà náà kò sì lópin.

Crown grant yí ọ̀rọ̀ náà padà. Lábẹ́ òfin Gẹ̀ẹ́sì, èlé lópin, gbèsè ní ọjọ́ tí yóò pé, ṣùgbọ́n bí ọjọ́ bá pé tí owó kò bá pé, olówó lè gbé ilé lọ sí gbàǹjo. Bí wọ́n bá ti lu òòlù, ilé ti lọ nìyẹn, kò sí ọmọ-ọmọ kankan tó lè kówó wá lẹ́yìn ogún ọdún kí wọ́n dá a padà fún un. Àwọn ìdílé tí wọ́n gbọ́ “fi ilé dúró” pẹ̀lú etí àṣà àtijọ́ ni ìyàtọ̀ yìí kọ́kọ́ lù. Orúkọ ẹnì kan ló wà lórí ìwé, bẹ́ẹ̀ ìyá, àbúrò, aya àti ọmọ ẹrú tó di ọmọ ilé ni wọ́n ń gbé inú ilé náà. Ẹnì kan yáwó, gbogbo wọn kó ẹrù. Ẹjọ́ ilé ìdílé tí ẹnì kan fi yáwó láìsọ fún ará ilé kún kóòtù Èkó láti ìgbà náà.

Àwọn ọmọ Èkó náà mọ owó í yá ni. Daniel Conrad Táíwò, ọmọ Ìṣẹrí, tí wọ́n ń pè ní Táíwò Olówó, wà lára àwọn tó fi ọ̀nà yìí là. Kristin Mann, òpìtàn tó fi ọ̀pọ̀ ọdún tú ìwé kóòtù àti ìwé ilẹ̀ Èkó wò kí ìwé rẹ̀ tó jáde ní 2007, fi hàn bí irú àwọn ọlọ́rọ̀ bẹ́ẹ̀ ṣe ń gba ọjà láwìn lọ́wọ́ òyìnbó, tí wọ́n ń fún àwọn alágbàtà kéékèèké ní tiwọn láwìn, tí wọ́n sì ń gba ìwé ilé wọn pa mọ́. Ẹni tí òwò rẹ̀ bá dáa á wá gba ìwé rẹ̀. Ẹni tí kò bá dáa fún, ilé rẹ̀ á kún ilé olówó. Nígbà tí Táíwò kú ní 1901, díẹ̀ ni àwọn tó ní ilé àti ilẹ̀ tó o ní Èkó.

Àwọn ńlá náà kò là á já. James Pinson Labulo Davies, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí Sierra Leone, jẹ́ ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi kí ó tó di oníṣòwò pàtàkì ní Èkó. Òun ló fi £50 ran Ilé Ẹ̀kọ́ Girama CMS lọ́wọ́ nígbà tí wọ́n ń dá a sílẹ̀ ní 1859. Òun náà ló gbé Sarah Forbes Bonetta níyàwó ní Brighton ní 1862, ọmọbìnrin Ẹ̀gbádò tí Ọbabìnrin Victoria gbà sábẹ́ àbò rẹ̀. Kò sí ẹni tó rò pé gbèsè lè ká irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n ní àwọn ọdún 1870, iye epo pupa ní ọjà òkè òkun já, ìjà inú ilẹ̀ ń dí ọ̀nà, Davies sì jẹ ilé-iṣẹ́ Child, Mills ti Manchester ní gbèsè ńlá, tí àwọn ohun ìní rẹ̀ sì wà lábẹ́ gbèsè náà. Ó bọ́ sínú ẹjọ́ ọlọ́dún gbọọrọ. Wọ́n kéde rẹ̀ ní onígbèsè tí kò lè san.

Nígbà tí òwò etíkun kọ̀ fún un, Davies kọjú sí oko. Nǹkan bí ọdún 1880, ó gbin kòkó tí irúgbìn rẹ̀ wá láti Fernando Po sí Ìjàn, nítòsí Agége. Láti ọ̀dọ̀ òun àti àwọn àgbẹ̀ ọlọ́rọ̀ tó tẹ̀ lé e ní Agége, pàápàá J. K. Coker, ni kòkó ti tàn wọ Ìbàdàn, Oǹdó àti Ìjẹ̀ṣà, nítorí àwọn lébìrà tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ń gbé irúgbìn lọ sílé. Ó yani lẹ́nu pé ọkùnrin tí òwò àwìn wọ́ nílẹ̀ ló bá wọn gbin igi tí ìran tó tẹ̀ lé e yóò máa fi yáwó.

Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ti dijú sí ìwọ̀fà fún ọ̀pọ̀ ọdún, nítorí wọ́n mọ̀ pé òun ló ń gbé ẹ̀kùrọ́ àti kòkó dé etíkun. Ní àwọn ọdún 1920 àti 1930 ni wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fòfin lé e, ti ọmọdé ni wọ́n kọ́kọ́ dojú kọ. Gbèsè kò tìtorí òfin parí. Igi kòkó gba ipò ọmọ.

Bí àgbẹ̀ bá nílò owó ilé ìwé tàbí owó òkú, ó lè fi oko kòkó rẹ̀ lé olówó lọ́wọ́. Olówó ni yóò máa ká kòkó náà, tí yóò máa tà á, ní ọdọọdún, títí ojú owó yóò fi pé. Kòkó tó ká kì í dín gbèsè. R. Galletti, K. D. S. Baldwin àti I. O. Dina ṣe ìwádìí káàkiri ilẹ̀ kòkó ní 1951 sí 1952, ìwé wọn jáde ní 1956, ọ̀rọ̀ oko tí wọ́n fi dúró sì wà lára ohun tí wọ́n bá pàdé. Ìṣirò ìwọ̀fà ni, ewé nìkan ló yí padà. Bí owó kòkó bá wọ́n sókè, olówó lè kó ìlọ́po ojú owó rẹ̀ láàárín ọdún díẹ̀, kí gbèsè náà sì wà bó ṣe wà. Àgbẹ̀ á máa gba ẹ̀gbẹ́ oko ara rẹ̀ kọjá bí àlejò. Ṣùgbọ́n oko náà ṣì jẹ́ tirẹ̀, lọ́jọ́ tí owó bá pé.

Owó kòkó yìí náà ló kọ́ ọ̀pọ̀ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tó wà ní Ìbàdàn, Ìlẹ́ṣà, Ìjẹ̀bú-Òde àti Oǹdó, kì í sì í ṣe owó tí wọ́n yá lọ́wọ́ báńkì. Wọ́n á ta kòkó lọ́dún yìí, wọ́n á fi ìpìlẹ̀ lélẹ̀. Èsúsú bá yí kàn wọ́n lọ́dún mìíràn, wọ́n á mọ ògiri dé ojú fèrèsé. Páànù á dúró de ìkórè tó ń bọ̀. Àwọn ọlọ́gbọ́n ìwé máa ń fi irú ilé kíkọ́ bẹ́ẹ̀ ṣẹ̀sín. Lóòótọ́, kò ṣàìnáwó: òjò ń jẹ ògiri tí kò lórùlé, iye símẹ́ńtì ń ga, onílé sì ń san háyà níbòmíràn ní gbogbo ọdún tí iṣẹ́ fi dúró. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lè gbé ilé náà lọ sí gbàǹjo nítorí pé iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ onílé. Àwọn tó kọ́lé báyìí mọ iye tí wọ́n ń ra àlàáfíà wọn.

Ní 1956, ìjọba àpapọ̀ àti àjọ ìdàgbàsókè kan ti ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá Nigerian Building Society sílẹ̀ ní Èkó láti máa yá àwọn òṣìṣẹ́ lówó ilé. Ọdún méjì lẹ́yìn rẹ̀, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn dá àjọ ilé kíkọ́ tirẹ̀ sílẹ̀, èyí tó kọ́ Bódìjà ní Ìbàdàn. Àwọn oníwèé owó oṣù ni wọ́n kọ́ ọ fún: olùkọ́ yunifásítì, akọ̀wé àgbà, dókítà. Ìyá alátà Dùgbẹ̀ kò sí nínú ìṣirò wọn.

Bí irú àwọn àjọ bẹ́ẹ̀ kò tilẹ̀ pọ̀, ohun tí wọ́n mú wá ṣe pàtàkì nínú ìtàn gbèsè nílẹ̀ Yorùbá. Owó tí onílé ń san lóṣooṣù pín sí ọ̀nà méjì: apá kan jẹ́ èlé, apá kejì ń wọ inú ojú owó, ó ń gé e kù. Èyí ni ìwọ̀fà kò rí rí. Iṣẹ́ tí ó ń ṣe kò kan ojú owó. Owó tí oníbódìjà ń san kàn án. Lẹ́yìn iye ọdún kan pàtó, gbèsè náà yóò kú fúnra rẹ̀. Ìbéèrè tó kù ni bí gígé náà ṣe ń yá tó, ìdáhùn rẹ̀ sì burú ju bí ọ̀pọ̀ onílé ṣe rò lọ.

Ní 1977, Nigerian Building Society di Federal Mortgage Bank of Nigeria. Ní oṣù Kẹta ọdún 1978, ìjọba ológun gbé òfin ilẹ̀ jáde, tó fi gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ sí ìkáwọ́ gómìnà. Ẹni tó bá fẹ́ fi ilé rẹ̀ yáwó gbọ́dọ̀ gba àṣẹ gómìnà. Kò pẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà fi dá wàhálà sílẹ̀. Ammel Ajilo fi ilé rẹ̀ dúró fún owó tí Savannah Bank yá ilé-iṣẹ́ fọ́tò rẹ̀. Nígbà tí báńkì fẹ́ ta ilé náà nítorí gbèsè, Ajilo gba kóòtù lọ, ó ní ìwé àdéhùn náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ nítorí pé gómìnà kò fọwọ́ sí i. Òun gan-an ni òfin sì ní kó tọrọ àṣẹ náà! Ní 1989, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ dá a láre. Adájọ́ Obaseki, tó sọ ìdájọ́ náà, kò fi pa mọ́ pé òfin yìí yóò ni òwò lára. Jìnnìjìnnì bá àwọn báńkì. Nínú àwọn ẹjọ́ tó tẹ̀ lé e ní 1995 àti 1996, ilé ẹjọ́ náà dín ọ̀rọ̀ náà kù, wọ́n ní ènìyàn kò lè fi àṣìṣe ara rẹ̀ sá fún gbèsè.

Ohun tó ṣẹ́ kù lára ìtàn yìí fún onílé lónìí ni owó tí yóò san kí ó tó wọlé rárá: owó àṣẹ gómìnà, owó sítáḿpù, owó ìforúkọsílẹ̀, owó lọ́yà, owó ẹni tó díye lé ilé, ìnṣúránsì. Kò sí ọ̀kankan nínú wọn tó ń dín ojú owó.

Ní 1992 ni Owó Àkójọ Ilé ti Orílẹ̀-èdè, èyí tí gbogbo òṣìṣẹ́ mọ̀ sí NHF, bẹ̀rẹ̀. Òṣìṣẹ́ ń dá ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù rẹ̀ síbẹ̀, ó sì lè yáwó ilé ní èlé ìdá 6 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, fún ọdún tó lè tó 30. Ní Nàìjíríà, ìdá 6 dà bí ẹ̀bùn. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká bá a rìn dé òpin.

Ẹni tó yá ₦10 mílíọ̀nù ní ìdá 6 fún ọdún 30 yóò máa san ₦59,955 lóṣù. Ní oṣù àkọ́kọ́, ₦50,000 nínú rẹ̀ jẹ́ èlé. ₦9,955 péré ló kan ojú owó. Lẹ́yìn ọdún 10, ó ti san ₦7.19 mílíọ̀nù, bẹ́ẹ̀ ₦8.37 mílíọ̀nù ló ṣì jẹ. Ọdún 21 ni yóò tó san ìdajì ojú owó tán. Bí ó bá parí rẹ̀, ₦21.58 mílíọ̀nù ni yóò ti jáde lápò rẹ̀, ìyẹn ju ilé méjì lọ fún ilé kan. Kì í ṣe pé báńkì rẹ́ ẹ jẹ. Orí iye tó bá kù ni wọ́n ń ka èlé lé, àwọn ọdún àkọ́kọ́ sì ni èyí tó kù pọ̀ jù.

Ìṣirò yìí ní òdì kejì, kò sì yẹ kí á fò ó. Owó tí a óò san lọ́dún 20 òní kò ní wúwo bíi ti òní. Ní 1992, nǹkan bíi náírà 17 ni dọ́là kan. Ní òpin 2024, ó ti ju 1,500 lọ. Ẹni tó yá mílíọ̀nù kan ní 2005 ní ìdá 6 fún ọdún 30 ń san ₦5,996 lóṣù. Iye náà ló ṣì ń san ní 2024, nígbà tí kò ra ju kóńgò ìrẹsì méjì sí mẹ́ta lọ. Ìjọba kéde pé ọ̀wọ́n gógó ọjà ní oṣù Kejìlá 2024 jẹ́ ìdá 34.8 nínú ọgọ́rùn-ún. Lójú irú iye bẹ́ẹ̀, ẹni tó rí owó ilé gbà ní ìdá 6 kò san èlé rárá, wọ́n ń fi owó ta á lọ́rẹ ni. Àwọn òṣìṣẹ́ tó ń dá ìdá 2.5 tí wọn kò rí owó ilé yá ló ń gbé ẹrù náà, nítorí owó tiwọn ni ọ̀wọ́n gógó ń jẹ nínú àpótí.

Ọ̀wọ́n gógó yìí kan náà ni kì í jẹ́ kí báńkì oníṣòwò fẹ́ yánilówó fún ìgbà pípẹ́. Ní oṣù Kọkànlá 2024, Báńkì Àpapọ̀ gbé òṣùwọ̀n èlé rẹ̀ dé ìdá 27.5, báńkì tó bá sì fẹ́ jèrè yóò gba ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ká tilẹ̀ mú ìdá 27 fún ọdún 20 lórí ₦10 mílíọ̀nù kan náà. Owó oṣù á jẹ́ ₦226,084. Ní oṣù àkọ́kọ́, ₦225,000 jẹ́ èlé. Ohun tó kan ojú owó jẹ́ ₦1,084. Lẹ́yìn ọdún 10, onílé yóò ti san ₦27.13 mílíọ̀nù, gbèsè tó kù yóò sì jẹ́ ₦9.35 mílíọ̀nù. Lórí ìwé, mọ́gẹ́ẹ̀jì òde òní ni, ìyẹn owó ilé tí a fi ilé náà dúró fún. Ní ti ọdún mẹ́wàá àkọ́kọ́ yẹn, Johnson ìbá mọ̀ ọ́n lójú ẹsẹ̀ ní ìwọ̀fà, àfi pé ti ìsinsìnyí ní gbàǹjo nínú.

Iye tí òṣìṣẹ́ lè yá kò sì ṣẹ̀yìn owó oṣù rẹ̀. Ìlànà tí wọ́n ń tẹ̀ lé ni pé owó ilé kò gbọdọ̀ kọjá ìdá kan nínú mẹ́ta owó tó ń wọlé. Owó oṣù tó kéré jù lọ di ₦70,000 ní 2024. Ìdá kan nínú mẹ́ta rẹ̀ jẹ́ ₦23,333, èyí tó lè gbé gbèsè bíi ₦3.89 mílíọ̀nù ní ìdá 6 fún ọdún 30. Ilẹ̀ nìkan lè gbé iye yẹn mì ní ọ̀pọ̀ àdúgbò Èkó kí wọ́n tó gbé búlọ́ọ̀kù kan sílẹ̀. Ìdí nìyí tí ilé tí ògiri rẹ̀ dúró sí ojú fèrèsé, tí kò tí ì ní páànù, fi ṣì pọ̀ ní Ìkòròdú, ní Mọ́wé àti ní Ìbafo ju ilé mọ́gẹ́ẹ̀jì lọ.

Fún àwọn tó ti wọ inú rẹ̀, ọjọ́ orí ló ń pinnu iye ọdún, nítorí pé gbèsè náà gbọ́dọ̀ parí kí iṣẹ́ tó parí. Ẹni ọdún 45 lè má rí ju ọdún 15 gbà. Owó oṣù rẹ̀ lórí ₦10 mílíọ̀nù á jẹ́ ₦84,386, ó le, ṣùgbọ́n èlé rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin á dúró sí ₦5.19 mílíọ̀nù, nígbà tí ti ọlọ́dún 30 jẹ́ ₦11.58 mílíọ̀nù. Ọ̀dọ́ tó gba ọdún 30 náà lè fọwọ́ ara rẹ̀ gé e kúrú bí àdéhùn rẹ̀ bá gbà á láyè. Bí ó bá ń fi ₦10,000 kún owó oṣù láti oṣù àkọ́kọ́, gbèsè náà yóò tán ní nǹkan bí ọdún 21, èlé rẹ̀ yóò sì dín ní nǹkan bíi ₦4 mílíọ̀nù. Ṣùgbọ́n ó gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sínú ìwé fún báńkì pé ojú owó ni kí wọ́n fi ₦10,000 náà gé, kí wọ́n má kà á sí owó oṣù tó ń bọ̀.